Ọkọ̀ Apẹja Tí Ó Gbé Àgbá Pamọ́

Kò sí òkun ní Ọ̀mù-Àrán, kò sí ọ̀sà ní Èsìẹ́. Nítorí náà, bí àwa ará Ìgbómìnà bá ń sọ̀rọ̀ Ogun Àgbáyé Kejì, ọ̀rọ̀ àwọn ọmọ ogun tí wọ́n kó lọ sí Bọ́mà ni ó sábà máa ń wá sí wa lẹ́nu. Ṣùgbọ́n ogun náà dé etíkun wa pẹ̀lú, ọkọ̀ apẹja kan sì wà nínú ìtàn rẹ̀.

Maid Honor ni orúkọ ọkọ̀ náà. Pákó ni wọ́n fi kàn án, ìgbòkun ni ó ń lò, ẹja ni wọ́n sì ń fi í pa láti Brixham ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Nígbà tí ogun dé, Gus March-Phillipps, ọ̀gá ọmọ ogun kan, gbà á fún iṣẹ́ ìkọ̀kọ̀. Bí a bá wò ó lókèèrè, ọkọ̀ apẹja náà ni. Ṣùgbọ́n àgbá ni ó wà nínú ilé kékeré orí rẹ̀; bí ìjà bá dé, ògiri ilé náà yóò wó lulẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ojú là ń rí, ọ̀rẹ́ kò dénú.

Ní oṣù kẹjọ ọdún 1941, ó kúrò ní Poole. Ní oṣù kẹsàn-án, ó dé Freetown. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti máa yẹ àwọn ẹnu odò wò, bóyá ọkọ̀ abẹ́ omi Jámánì ń fara pamọ́ síbẹ̀. Kò rí ọ̀kan.

Lẹ́yìn èyí ni wọ́n gbé iṣẹ́ mìíràn fún àwọn atukọ̀ rẹ̀. Ọkọ̀ ńlá Ítálì kan, Duchessa d'Aosta, àti Likomba ti Jámánì, gúnlẹ̀ sí Santa Isabel ní erékùṣù Fernando Po. Malabo ni à ń pe ìlú náà lónìí. Sípéènì ni ó ni erékùṣù náà nígbà náà, kò sì dá sí ogun. Maid Honor kò lè fa ọkọ̀ ńlá. Nítorí náà, ọkọ̀ afàkọ̀ méjì, Vulcan àti Nuneaton, ni wọ́n gbà ní Èkó. Wọ́n ṣí ní ọjọ́ 11 oṣù kìn-ín-ní ọdún 1942. Ní alẹ́ ọjọ́ 14, nígbà tí àwọn ọ̀gá ọkọ̀ Ítálì wà níbi àsè tí wọ́n fi tàn wọ́n, wọ́n fi ohun abúgbàù já ẹ̀wọ̀n ìdákọ̀ró, wọ́n sì fa àwọn ọkọ̀ náà lọ sí Èkó.

Ọkọ̀ ogun HMS Violet lọ pàdé wọn lójú òkun bí ẹni pé ó ṣẹ̀ṣẹ̀ rí wọn ni. Ohun tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì sì sọ fún ayé nìyẹn.

Ẹ̀yin ọmọ èdè Yorùbá, ẹ jẹ́ kí a fi ọ̀rọ̀ sí ipò rẹ̀. Àgbá inú ilé kékeré nì, ọgbọ́n ogun ni. Ọ̀tá ni ó ń tàn jẹ. Ṣùgbọ́n ìkéde tó tẹ̀ lé e, irọ́ ni. Láti èbúté wa ni wọ́n ti jáde, èbúté wa ni wọ́n sì padà sí. Ó yẹ kí a lè fi èdè wa sọ ọ́ bí ó ti rí gan-an.