Ta Ló Ni Eré Aláwàdà? Moses Ọláìyá àti Iṣẹ́ Òǹkọ̀wé Lórí Tẹlifíṣàn Ìbàdàn

Èrò kan ti fìdí múlẹ̀ láàárín àwọn tó ń ṣèwádìí eré Yorùbá pé Moses Ọláìyá Adéjùmọ̀, tí tọmọdé tàgbà mọ̀ sí Bàbá Sàlá, kì í ṣe òǹkọ̀wé rárá. Àwọn tó di èrò yìí mú kò jiyàn pé òṣèré ńlá ni. Ohun tí wọ́n ń sọ ni pé ẹgbẹ́ Aláwàdà kì í gbé ìwé eré dání, pé ọ̀rọ̀ tó bá bọ́ sí wọn lẹ́nu ni wọ́n ń sọ, nítorí náà a kò lè ka olórí wọn mọ́ àwọn tó kọ eré fún tẹlifíṣàn. Ẹ̀rí tó wà nílẹ̀ kò gbe èrò yìí lẹ́sẹ̀. N kò ní tún máa ṣàlàyé ohun tí àwàdà tàbí eré alárìnkiri jẹ́. Òǹkàwé wa mọ̀ wọ́n. Ohun tó yẹ ká tú wò ni ìyàtọ̀ tó wà láàárín kíkọ eré sínú ìwé àti títò eré.

Ọmọ Ìjẹ̀ṣà ni Ọláìyá, 1936 ni wọ́n bí i. Orin ló kọ́kọ́ gbé e jáde: ní 1964, òun ni olórí ẹgbẹ́ Federal Rhythm Dandies, níbi tí Sunny Adé ti ń ta gìtá lábẹ́ rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni ẹgbẹ́ Aláwàdà rí àyè lórí WNTV, ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣàn tí ìjọba Ìwọ̀ Oòrùn ṣí ní Ìbàdàn ní ọjọ́ 31, oṣù Kẹwàá, 1959. Ògúndé, Ògúnmọ́lá àti Dúró Ládiípọ̀ ń fi ẹ̀fẹ̀ sí eré wọn bí iyọ̀ inú ọbẹ̀. Ọláìyá ní tirẹ̀ sọ ẹ̀fẹ̀ di odindi eré. Ìbàdàn tó sì ń ṣe é fún ń yí padà: ilé àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba ń pọ̀ sí i ní Bódìjà, wọ́n parí Ilé Kòkó ní Dùgbẹ̀ ní 1965, ọkùnrin tó wọ táì tó sì so aago mọ́ ọwọ́ sì ti di ẹni àpọ́nlé láàárín ìlú.

Ohun méjì ló wà nínú eré tí a tò. Àkọ́kọ́ ni ohun tí a ti dì kí òṣèré tó jáde: ẹni tí yóò kọ́kọ́ wọlé, irọ́ tí yóò pa, ẹni tí yóò ká irọ́ náà mọ́ ọn lọ́wọ́, ibi tí ojú yóò ti tì í, àti bí gbogbo rẹ̀ yóò ṣe parí. Èkejì ni ohun tí a fi sílẹ̀ fún ẹnu: òwe, èébú, èsì wàràwàrà. Àwọn tí à ń dá lóhùn wo èkejì, wọn kò rí i nínú ìwé, wọ́n wá parí rẹ̀ sí pé àkọ́kọ́ náà kò ní baba. Ṣùgbọ́n ẹ wo Bàbá Sàlá fúnra rẹ̀: férémù awò-ojú ràgàjì, táì labalábá tó fẹ́rẹ̀ẹ́ bo àyà, àti aago ńlá tó so mọ́ra bí ẹni so aago ọwọ́. Ẹni tó so aago tó tóbi tó bẹ́ẹ̀ mọ́ra kò wá bí yóò ṣe mọ àkókò. Ó ń wá kí aráyé mọ̀ pé òun náà ní aago. Kó tó la ẹnu, òǹwòran ti mọ̀ ọ́n: ahun tó fẹ́ kí wọ́n máa pe òun ní olówó, ojo tó ń ṣe fọ́ńté, àgbàlagbà tí ojú rẹ̀ kì í kúrò lára obìnrin. Ìwà yìí kì í yí padà láti eré kan sí èkejì. Ìwà tó dúró ṣinṣin báyìí kì í ṣèèṣì; ẹnì kan ló jókòó rò ó, tó tò ó, tó sì ń ṣọ́ ọ. Tẹlifíṣàn tún mú kí títò náà le sí i. Lórí pèpéle, bí èrò bá ń rẹ́rìn-ín, òṣèré lè fa ìran kan gùn bó ṣe wù ú. Ní sítúdíò, àkókò ní ìwọ̀n, kò sí ẹ̀rín òǹwòran tí yóò darí òṣèré, ètò mìíràn sì ń dúró lẹ́yìn. Iṣẹ́ òǹkọ̀wé ni kí èèyàn mú eré bọ́ sínú ìwọ̀n yẹn.

Wọ́n lè sọ pé àwọn ọmọ ẹgbẹ́ ló ń dá ọ̀rọ̀ ẹnu wọn sílẹ̀, pé iṣẹ́ gbogbo wọn ni. Òótọ́ ni pé wọ́n pín nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó sọ pé olórí ẹgbẹ́ olórin kò ni orin rẹ̀ nítorí pé onígìtá ló mọ bí òun ṣe ta okùn. J. A. Adédèjì, nínú iṣẹ́ ìwádìí tó ṣe lórí Aláàrìnjó ní Yunifásítì Ìbàdàn ní 1969, ti fi hàn wá pé eré tó ní ìlànà wà nílẹ̀ Yorùbá tipẹ́tipẹ́ láìsí ìwé. Àwọn òṣèré Ítálì àtijọ́ tó ń wọ ìbòjú náà ń ṣeré láti orí ìlà ìtàn ṣókí, Molière sì kọ́gbọ́n lọ́dọ̀ wọn. Àwọn mìíràn á tọ́ka sí fíìmù, wọ́n á ní olùdarí ló ni ín. Ola Balogun ló darí Ọ̀run Móoru ní 1982. Adé Afọláyan ló darí Mo Ṣebọ́lá Tán. Ọwọ́ olùdarí méjèèjì yàtọ̀ síra, ṣùgbọ́n ẹ̀dá kan náà ni wọ́n bá pàdé. Àwọn tó jí fíìmù Ọ̀run Móoru dà kọ ba owó rẹ̀ jẹ́, síbẹ̀ wọn kò lè ba ẹ̀dá náà jẹ́. Ó tún jáde nínú Ààrẹ Àgbáyé ní 1983.

Nítorí náà, a lè sọ ọ́ pẹ̀lú ìṣọ́ra pé ó dà bí ẹni pé orúkọ òǹkọ̀wé tọ́ sí Ọláìyá, kì í kàn ṣe orúkọ òṣèré nìkan. Ẹni tó bá fẹ́ gba orúkọ náà lọ́wọ́ rẹ̀ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ sọ fún wa ẹni tó to ohun tí a rí. Ibi tó kù tí ìwádìí yìí ń lọ ni Kóòtù Aṣípa, eré ẹjọ́ orí tẹlifíṣàn ti Oyin Adéjọbí. Ìwé tí Karin Barber gbé jáde ní 2000 lórí ẹgbẹ́ Adéjọbí ti là wá lọ́yẹ̀ nípa bí eré ṣe ń dàgbà láìsí ìwé. Ó yẹ ká gbé àwàdà Ọláìyá àti ẹjọ́ Adéjọbí kalẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, ká wo irú ìtò tí tẹlifíṣàn bí. Iṣẹ́ yẹn kò lè ṣeé ṣe láìsí ohùn àti àwòrán. Ọláìyá ti lọ láti ọjọ́ 7, oṣù Kẹwàá, 2018, àwọn tó bá a ṣiṣẹ́ sì ń dàgbà. Ẹ jọ̀wọ́, ẹni tó bá ní téèpù tàbí àwo eré Aláwàdà nílé, ì báà jẹ́ ní Bódìjà, Challenge tàbí Ring Road, kó má ṣe dà á nù. Kó gbé e lọ sí ẹ̀ka ẹ̀kọ́ Yorùbá tó bá sún mọ́ ọn, ká lè dà á kọ kó tó bàjẹ́.