Ìtàn Ikú Tí Àárẹ̀ Mú

Ní oṣù kẹwàá ọdún 1921 ni a kọ́kọ́ fi sinimá kan hàn ní ìlú Berlin, tí a ń pè ní Der müde Tod, èyí tí í ṣe Ikú tí àárẹ̀ mú. Sinimá aláìfọhùn ni. Ọ̀rọ̀ kíkọ ni a fi ń mọ ohun tí àwọn òṣèré ń wí. Ogun ńlá ti parí ní ọdún 3 ṣáájú, ó sì ti pa nǹkan bí 2,000,000 ọmọ ogun Jámánì. Ilé tí ọ̀fọ̀ kò wọ̀ kò pọ̀ ní ilẹ̀ náà.

Fritz Lang, ọmọ ìlú Vienna, ni ó ṣe é. Òun àti Thea von Harbou ni ó jùmọ̀ kọ ìtàn rẹ̀. Lang ròyìn pé ní ìgbà èwe òun, nígbà tí ibà dá òun dùbúlẹ̀, òun rí Ikú tí ó ń bọ̀ tòun ti àkẹtẹ̀ ńlá ní orí. Ẹ̀rù ba òun, síbẹ̀ ọkàn òun fà sí i. Ìran yìí ni ó so mọ́ àlọ́ àtijọ́ àwọn ará Jámánì, nínú èyí tí àbẹ́là ń jó nínú ilé Ikú, ọ̀kọ̀ọ̀kan fún ẹ̀mí kọ̀ọ̀kan. Àwa onígbàgbọ́ kò gbà pé àbẹ́là ni ó ń ka ọjọ́ wa, ṣùgbọ́n àlọ́ ni àlọ́.

Ikú mú àfẹ́sọ́nà ọmọbìnrin kan lọ. Nígbà tí ó tọ Ikú lọ láti bẹ̀ ẹ́, kò bá òǹrorò níbẹ̀; ìránṣẹ́ Ọlọ́run tí iṣẹ́ rẹ̀ ti sú ni ó bá. Ikú fi àbẹ́là 3 hàn án: bí ó bá gba ọ̀kan là, òun yóò dá ẹni rẹ̀ padà. Ó kùnà ní ìlú àwọn Ìmàle, ó kùnà ní Venice, ó kùnà ní Ṣáínà.

Ikú tún fún un ní wákàtí 1, kí ó wá ẹ̀mí mìíràn dípò. Ó bẹ apòògùn arúgbó, ó bẹ alágbe, ó bẹ àwọn ògbólógbòó inú ilé ìtọ́jú tí ń ráhùn pé ayé ti sú àwọn. Gbogbo wọn kọ̀. Kí a má tètè dá wọn lẹ́bi. Àwa náà a máa sọ irú rẹ̀ ní ọjọ́ tí orúnkún bá ń dùn wá.

Lójijì iná sọ ní ilé ìtọ́jú náà, a sì gbàgbé ọmọ ọwọ́ kan sínú rẹ̀. Ọmọbìnrin náà wọ inú iná, ó gbé ọmọ náà mọ́ra. Ikú dúró níwájú rẹ̀, ó na ọwọ́. Bí ó bá gbé ọmọ náà fún un, àdéhùn ti pé. Iná ni gbogbo ènìyàn ì bá dá lẹ́bi. Ó wo ọmọ náà. Ó sọ ọ́ kalẹ̀ láti ojú fèrèsé sí ọwọ́ ìyá rẹ̀, òun tìkára rẹ̀ sì dúró sínú iná, títí Ikú fi mú un lọ sọ́dọ̀ ẹni rẹ̀.