Wim T. Schippers: Òṣèré tí àgbà ń bínú sí, tí ọmọdé ń fetí sí

Àwọn tó ṣe kékeré ní orílẹ̀-èdè Nẹ́dálándì láti ọdún 1976 mọ ohùn Wim T. Schippers dáadáa kí púpọ̀ nínú wọn tó mọ orúkọ rẹ̀. Bíi ti egúngún ni ọ̀rọ̀ náà rí: ohùn ni ọmọdé ń gbọ́, kò mọ ojú ẹni tó wà nínú ẹ̀kú. Ṣùgbọ́n àwọn òbí wọn ti mọ ọkùnrin náà fún nǹkan mìíràn. Ètò méjì tó lọ́wọ́ sí lórí tẹlifíṣàn ti di ọ̀rọ̀ ní ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ṣáájú àkókò náà.

Ìlú Groningen ni wọ́n ti bí Willem Theodoor Schippers ní ọjọ́ kìíní oṣù keje ọdún 1942, ìlú Bussum ló sì dàgbà sí. Iṣẹ́ ọnà ló kọ́ ní Amsterdam, kì í ṣe iṣẹ́ tíátà. Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1960, ó da ìgò ohun mímu ẹlẹ́rìndòdò kan sínú òkun ní Petten, ó ní iṣẹ́ ọnà ni. Ní ọdún 1962, ó gbèrò pé kí wọ́n fi ẹ̀pà lílọ̀ kíkúnná bo ilẹ̀ yàrá. Àwọn ènìyàn rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ní ọdún 2010, musíọ̀mù Boijmans Van Beuningen ní Rotterdam ra iṣẹ́ náà.

Ọdún 1967 ni wàhálà bẹ̀rẹ̀. Òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe ètò Hoepla fún VPRO, ilé iṣẹ́ ìgbóhùnsáfẹ́fẹ́ tí àwọn ọmọ ìjọ Pùròtẹ́sítáǹtì dá sílẹ̀. Ní ọjọ́ kẹsàn-án oṣù kẹwàá ọdún náà, obìnrin kan tó ń jẹ́ Phil Bloom jókòó níhòòhò, ó fi ìwé ìròyìn bo ara, lẹ́yìn náà ó sọ ìwé ìròyìn náà kalẹ̀. Irú rẹ̀ kò ṣẹlẹ̀ rí lórí tẹlifíṣàn ilẹ̀ náà. Àwọn aṣòfin béèrè ọ̀rọ̀, apá kẹrin ètò náà kò sì jáde mọ́. Nígbà tó yá, nínú eré Barend is weer bezig, tó bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1972, obìnrin kan ṣe bí Ọbabìnrin Juliana, ó jókòó, ó ń ṣa ẹ̀fọ́. Ọ̀rọ̀ tún dé ilé aṣòfin.

Báwo wá ni irú ẹni bẹ́ẹ̀ ṣe di ẹni tí wọ́n fa àwọn ọmọdé lé lọ́wọ́? Ní Nẹ́dálándì, bí eré àgbàlagbà bá ti òkè òkun wá, ìtumọ̀ ni wọ́n ń kọ sí ìsàlẹ̀ àwòrán. Ọmọ tí kò tíì mọ̀ wé kà kò lè jẹ àǹfààní èyí. Nítorí náà, nígbà tí Sesamstraat bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ kẹrin oṣù kìíní ọdún 1976, wọ́n nílò àwọn tí yóò fi ohùn rọ́pò tàwọn ará Amẹ́ríkà. Jim Henson ló ń sọ̀rọ̀ fún ọmọlangidi Ernie àti ọ̀pọ̀lọ́ Kermit lédè Gẹ̀ẹ́sì. Schippers gba méjèèjì ṣe lédè Dutch. Paul Haenen ni ohùn Bert, ọ̀rẹ́ Ernie tí kì í gbádùn oorun nítorí ìyọnu ẹnìkejì rẹ̀.

Iṣẹ́ náà kò rọrùn. Ẹnu ọmọlangidi ti ṣí, ó ti pa dé nínú àwòrán. Ọ̀rọ̀ mìíràn gbọ́dọ̀ bọ́ sí àárín ẹnu náà láìpẹ́ jù, láìyá jù. Nígbà tí Henson kú ní oṣù karùn-ún ọdún 1990, ohùn Ernie yí padà ní Amẹ́ríkà. Ní Nẹ́dálándì, Schippers ń bá a lọ, àwọn ọmọdé kò sì mọ̀ pé ohunkóhun ṣẹlẹ̀.

Kò fi àwàdà àgbà sílẹ̀ nítorí èyí. Ó ṣe ètò Ronflonflon lórí rédíò láti ọdún 1984 sí 1991. Ní ọdún 1986, ó gbé eré Going to the Dogs sórí ìtàgé ní Amsterdam, ajá ni gbogbo òṣèré inú rẹ̀. Eré orí tẹlifíṣàn rẹ̀, We zijn weer thuis, tẹ̀lé e láti ọdún 1989 sí 1994.

Bí a bá wo Ernie dáadáa, tí ń fi ìbéèrè tí kò lórí jí ọ̀rẹ́ rẹ̀ lóru, a ó rí i pé Schippers kò pààrọ̀ ìwà kó tó dé ọ̀dọ̀ àwọn ọmọdé. Ohun tí àgbà pè ní àfojúdi lọ́wọ́ rẹ̀ ni ọmọdé pè ní eré.