Okonkwo Akólòlò

Ẹ bi ẹnikẹ́ni tí ó ti gbọ́njú mọ tẹlifíṣàn ní ọdún 1987 pé ta ni Okonkwo, Pete Edochie ni yóò dárúkọ fún yín. Kò tilẹ̀ ní ronú lẹ́ẹ̀mejì. Ọkùnrin tí ojú rẹ̀ le koko, tí ohùn rẹ̀ ń bú ramúramù bíi ti kìnnìún, ni yóò yọ sí i lọ́kàn. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin òǹkàwé wa, ta ló rántí pé akólòlò ni Okonkwo?

Bẹ́ẹ̀ ni o! Láti ìbẹ̀rẹ̀ ìwé Things Fall Apart ni Chinua Achebe ti jẹ́ kí a mọ̀ pé ọkùnrin náà a máa kólòlò díẹ̀, àti pé bí inú bá bí i tí ọ̀rọ̀ kò sì tètè jáde, ẹ̀ṣẹ́ ló kù tí yóò fi sọ ọ́.

Ìwé yìí fúnra rẹ̀, díẹ̀ ló kù kí ó sọnù. Ilé iṣẹ́ rédíò ìjọba l'Ékòó ni Achebe wà nígbà tí ó ń kọ ọ́. Ó fi èyí tí ó fọwọ́ kọ ránṣẹ́ sí àwọn kan ní Lọ́ńdọ̀nù kí wọ́n bá òun táìpù rẹ̀, ó sì san pọ́n-ùn 22. Ẹ̀dà kan ṣoṣo tí ó ní nìyẹn! Owó lọ, ìwé lọ, èsì kò dé. Ọ̀gá rẹ̀ níbi iṣẹ́, obìnrin òyìnbó kan tí ń jẹ́ Angela Beattie, ló bá a débẹ̀ nígbà tí ó lọ sí ìlú wọn, ó fi ọ̀rọ̀ gún wọn lára kí wọ́n tó táìpù ẹ̀dà kan jáde. Heinemann tẹ ìwé náà ní 1958, ẹ̀dà 2,000 péré ni wọ́n sì kọ́kọ́ tẹ̀.

Ní ọdún kejì, 1959, tẹlifíṣàn bẹ̀rẹ̀ n'Íbàdàn. Ẹgbẹ́ kan náà ni ìwé yẹn àti tẹlifíṣàn wa, síbẹ̀ ó tó ọdún méjìdínlọ́gbọ̀n kí wọ́n tó pàdé. Lóòótọ́, Francis Oladele, ẹni tí ó gbé Kongi's Harvest sórí fíìmù, ti gbìyànjú ṣáájú. Ní nǹkan bí 1971, òun àti ará Jámánì kan, Hansjürgen Pohland, da ìtàn Okonkwo pọ̀ mọ́ ti ọmọ-ọmọ rẹ̀ nínú No Longer at Ease, wọ́n fi ṣe fíìmù kan ṣoṣo. Èyí kò délé dóko bíi ti NTA.

Ti NTA wá yàtọ̀. David Orere ló darí eré náà. Nkem Owoh àti Sam Loco Efe wà níbẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n ń sọ, nítorí náà ará Ìlọrin gbádùn rẹ̀ bí ará Enugu, bí NEPA bá ti gbà fún wọn. Edochie ni wọ́n fi ṣe Okonkwo. Òṣìṣẹ́ rédíò ni l'Enugu, ohùn ló sì fi ń jẹun. Ta ni yóò ní kí irú ẹni bẹ́ẹ̀ máa kólòlò?

Ibẹ̀ gan-an ni ọ̀rọ̀ wà. Nínú ìwé, Unoka, bàbá Okonkwo, ni ẹnu rẹ̀ dùn. Ó ń fọn fèrè, ó ń jẹ gbèsè. Ọjọ́ tí Okoye wá sin ín lówó, ẹ̀rín ni ó bú sí, ó na ọwọ́ sí àwọn ilà tí ó fi ẹfun fà sára ògiri, ó ní àwọn onígbèsè ńlá ni òun yóò kọ́kọ́ san. Ọmọ irú bàbá yìí kì í fẹ́ ọ̀rọ̀ dídùn. Obierika ọ̀rẹ́ rẹ̀ ló máa ń ronú, Uchendu àbúrò ìyá rẹ̀ ló máa ń pòwe. Òun, iṣu àti ìjàkadì ni tirẹ̀. Nígbà tí Ikemefuna sáré tọ̀ ọ́ wá nínú igbó pé kí ó gba òun, àdá ni ó yọ, nítorí ó ń bẹ̀rù kí wọ́n má pe òun ní ojo. Gbólóhùn kan ni Achebe fi sọ ìdí yìí. Lórí tẹlifíṣàn, àdá ni a ń rí. Ẹ̀rù tí ó wà lẹ́yìn rẹ̀, ojú òṣèré nìkan ló lè sọ ọ́.

Lẹ́yìn eré yìí, ipò ọba àti àgbà ìlú tí òwe kún ẹnu rẹ̀ ni àwọn onífíìmù ń fún Edochie, àwọn ènìyàn sì wá rò pé bẹ́ẹ̀ náà ni Okonkwo rí. N kò dá òṣèré lẹ́bi o. Mélòó nínú wa ni ìbá mọ Umuofia bí kì í bá ṣe tirẹ̀? Àwọn tí ìwé Gẹ̀ẹ́sì kò yé dáadáa pàápàá mọ̀ ọ́n.

Ṣùgbọ́n ìparí ìwé náà kò rọrùn láti yà ní fọ́tò. Okonkwo ti so, àwọn ará ìlú rẹ̀ kò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn án, Obierika bínú sọ̀rọ̀ sí Ajẹ́lẹ̀ òyìnbó títí ọ̀rọ̀ fi há a lọ́fun. Lọ́jọ́ yẹn, òun gan-an kò rí ọ̀rọ̀ sọ mọ́. Ajẹ́lẹ̀ ń rìn lọ, ó ń ronú ìwé tí òun náà fẹ́ kọ, bóyá ọkùnrin yìí tó orí kan níbẹ̀. Rárá, ó pọ̀ jù. Ìpínrọ̀ kan tó o.