Ìtọ́jú Mépù Eléwé Léèsì ti Jàpáànù

Mépù eléwé léèsì jẹ́ ẹ̀yà kan lára Acer palmatum, igi ilẹ̀ Jàpáànù, Kòríà àti Ṣáínà tí Carl Peter Thunberg, onímọ̀ ewéko ará Sweden, fún lórúkọ náà lọ́dún 1784. Ewé rẹ̀ là dé ìdí ní ọ̀nà 7 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, eyín wẹ́wẹ́ sì kún etí rẹ̀. Ẹ̀ka rẹ̀ a máa tẹ̀ wálẹ̀, ọ̀pọ̀ wọn kì í sì í ga ju mítà 3 lọ; 'Seiryu' tó ń nà ró ṣàrà ọ̀tọ̀ láàárín wọn. Láti ayé Edo nínú ìtàn Jàpáànù làwọn ológbà ibẹ̀ ti ń ṣa oríṣiríṣi mépù jọ. Lónìí, 'Crimson Queen' àti 'Tamukeyama' wà lára èyí tó gbajúmọ̀ jù, àwọn ayàwòrán sì ń rọ́ lọ sídìí èyí tó wà ní Ọgbà Jàpáànù ti Portland, ní Oregon, nígbà ìwọ́wé. Ó ń fẹ́ òtútù tí yóò fi sinmi lọ́dọọdún, ìdí nìyẹn tí kì í fi í ṣe igi Èkó tàbí Ìbàdàn.

Ewé ni gbogbo èèyàn ń wò, ewé náà ni wọ́n sì ń bá wí nígbà tí igi bá ń ṣòjòjò. Àmọ́ gbòǹgbò ló yẹ kí a kọ́kọ́ yẹ̀ wò. Gbòǹgbò mépù yìí kì í wọlẹ̀ jìnnà. Òkè ilẹ̀ ló ta sí, níbi tí oòrùn ti ń tètè fa omi gbẹ. Tí omi tí gbòǹgbò ń fà kò bá tó èyí tí oòrùn àti afẹ́fẹ́ ń gbà lára ewé, etí ewé á di búráùn, á sì máa rún mọ́ni lọ́wọ́. Ẹni tó bá ní oòrùn ló fà á kò parọ́, torí ibòòji lẹ́yìn ọ̀sán ṣe é lóore níbi tí ooru bá ti mú. Ṣùgbọ́n irú kan náà tí etí ewé rẹ̀ ń jó ní gúúsù orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà lè dúró nínú oòrùn níbi tí afẹ́fẹ́ bá ti tutù, tí ilẹ̀ sì rin, kí nǹkan kan má ṣe é. Bẹ́ẹ̀ sì ni èyí tó pupa, tí a bá fi pa mọ́ sábẹ́ ibòòji látàárọ̀ ṣúlẹ̀, a máa yí sí àwọ̀ ewé.

Ẹlòmíràn á ní, ó dáa, kí a máa bu omi sí i lójoojúmọ́ nìyẹn. Ibẹ̀ gan-an ni ọ̀pọ̀ ti ń pa á. Ilẹ̀ amọ̀ tó rin gbindin kò ní afẹ́fẹ́ nínú. Gbòǹgbò á jẹrà, kò ní lè fa omi tó yí i ká, etí ewé á sì tún gbẹ bíi ti igi tí òùngbẹ ń gbẹ. Àmì kan náà, ìdí méjì tó ta kora. Nítorí náà, ìka ni kí a fi kan ilẹ̀ kí a tó gbé garawa: tó bá ṣì tutù ní bíi sẹ̀ǹtímítà 5 sísàlẹ̀, kí a fi í sílẹ̀. Ilẹ̀ tí omi kì í dúró sí ló fẹ́, kí èérún igi tó nípọn tó sẹ̀ǹtímítà 5 sí 8 sì bo ojú ilẹ̀ láì kan ara igi. Ajílẹ̀ díẹ̀ ti tó.

Hóró rẹ̀ kì í sábà hù jọ ìyá, nítorí náà, ẹ̀ka rẹ̀ ni wọ́n ń so mọ́ ìdí Acer palmatum lásán. Bí èéhù tí ewé rẹ̀ fẹ̀ bá yọ lábẹ́ ojú àpá ibi tí wọ́n ti so wọ́n pọ̀, kí a já a kíá. Ó lágbára ju eléwé léèsì lọ, ó sì lè bò ó mọ́lẹ̀. Àsìkò tó yẹ kí a gé ẹ̀ka ni ẹnu kò tíì kò lé lórí. Àwọn kan fara mọ́ ìgbà òtútù, nígbà tí ewé ti wọ́, tí gbogbo ẹ̀ka hàn kedere; àwọn mìíràn ní àárín ìgbà ooru ló dára, torí oje a máa ṣàn lójú ọgbẹ́ bí ìrúwé bá kù díẹ̀. Òótọ́ ni pé oje ń ṣàn, àmọ́ kò jọ pé ó ń pa igi tó lera.

Àrùn tó le jù tún ti inú ilẹ̀ wá. Fọ́ńgọ́ọ̀sì Verticillium a máa gba gbòǹgbò wọlé. Ẹ̀ka kan á rọ lójijì nígbà tí àwọn yòókù ṣì tutù yọ̀yọ̀, bí a bá sì fi ọ̀bẹ bó èèpo rẹ̀, a lè rí ìlà dúdú nínú igi. Kò sí oògùn tó ń wò ó. A lè gé ẹ̀ka tó ti kú, kí a máa fún igi lómi déédéé, àwọn kan a sì yè é. Bí igi bá kú, kí a má gbin mépù mìíràn sójú ibẹ̀, torí fọ́ńgọ́ọ̀sì náà a máa gbé inú ilẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún.