Oyèyẹmí, Helen
Òǹkọ̀wé ìtàn àròsọ tí wọ́n bí ní Ìbàdàn ní ọdún 1984. Ọmọ ọdún 4 ni nígbà tí ìdílé rẹ̀ kó lọ sí Lọ́ńdọ̀nù. Lewisham níbẹ̀ ló ti dàgbà. Ó ṣì wà nílé ẹ̀kọ́ girama nígbà tó kọ The Icarus Girl (2005), ìtàn ọmọdébìnrin kan tí ọ̀rẹ́ abàmì ń dà láàmú. Ìbejì ni ọmọ náà. Èkejì rẹ̀ ti kú, wọn kò sì gbẹ́ ère fún un gẹ́gẹ́ bí àṣà Yorùbá. Ẹni tó bá mọ àṣà ìbejì ni ẹ̀rù ìwé yìí máa ń bà jù. Nínú The Opposite House (2007), òrìṣà Yemọja bá àwọn ará Kúbà dé Lọ́ńdọ̀nù. White Is for Witching (2009) ló kún fún ìbẹ̀rù jù lọ: ilé kan ní Dover ń sọ̀rọ̀, ó kórìíra àjèjì, ó sì ń gbé àwọn obìnrin ìdílé tó ni ín mì. Ìwé yìí, tí iṣẹ́ ọnà rẹ̀ ga ju àwọn yòókù lọ, gba ẹ̀bùn Somerset Maugham ní 2010. Ní 2013, ìwé àtìgbàdégbà Granta ka Oyèyẹmí mọ́ 20 ọ̀dọ́ òǹkọ̀wé tó pegedé jù ní Bìrìtìkó.