Ẹni Tó Sọ Ọmọ Lórúkọ Kọ́ Ló Bí I

Ìtàn náà kò gùn, bóyá ohun tó jẹ́ kó tètè wọ etí nìyẹn. Wọ́n ní òyìnbó kan tó ń jẹ́ Lugard dé, ó kó àwọn ẹ̀yà tí kò mọ ara wọn rí jọ bí ẹni ń kó àgbàdo sínú àpò, ó so àpò náà lẹ́nu ní ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 1914, ìyàwó rẹ̀ sì dúró létí odò, ó wo omi, ó ní kí ilẹ̀ náà máa jẹ́ Nàìjíríà. Àwọn tó bá fẹ́ fi iyọ̀ sí i a ní ọgọ́rùn-ún ọdún péré ni wọ́n kọ sínú ìwé àdéhùn ọ̀hún, pé ọjọ́ rẹ̀ ti pé láti 2014. Mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu olùkọ́, mo ti gbọ́ ọ nínú ọkọ̀ èrò, mo ti gbọ́ ọ lórí rédíò lẹ́nu àwọn tí ìwé wọn pọ̀ ju tèmi lọ.

Mo fẹ́ ta ko ìtàn yìí, nítorí pé ó kọjá àṣìṣe kékeré tí a lè gbójú fò. Ó ń kọ́ ọmọ wa pé àlejò ni wọ́n nínú ilé tí bàbá wọn kọ́. Ohun tí Lugard dà pọ̀ ní 1914 ni àpò owó méjì àti ọ́fíìsì méjì. Àwọn ènìyàn inú ilẹ̀ náà di ọmọ Nàìjíríà lẹ́yìn ìgbà náà, wọ́n sì fi ìjà, ẹjọ́ àti ìbò dì í. Ọkùnrin kan ṣoṣo kọ́ ló yẹ ká kó iṣẹ́ yẹn fún.

Ẹ jẹ́ ká ti ibi orúkọ bẹ̀rẹ̀, nítorí ibẹ̀ ni irọ́ náà ti dùn jù. Flora Shaw, obìnrin inú ìtàn náà, kì í ṣe ìyàwó Lugard nígbà tó dábàá orúkọ náà. Akọ̀ròyìn ni, òun ni olóòtú tó ń rí sí ọ̀rọ̀ àwọn ilẹ̀ amúnisìn nínú ìwé ìròyìn The Times ní Lọ́ńdọ̀nù. Ọjọ́ kẹjọ oṣù kìíní ọdún 1897 ni ìwé ìròyìn náà gbé àbá rẹ̀ jáde. Lugard wà ní gúúsù Áfíríkà lọ́hùn-ún nígbà yẹn, ó ń ṣiṣẹ́ fún kọ́ńpìnnì tó ń wá ohun àmúṣọrọ̀ inú ilẹ̀. Ọdún 1902 ni àwọn méjèèjì ṣègbéyàwó, ní erékùṣù Madeira. Láti ọjọ́ àbá náà títí di 1914, ọdún mẹ́tàdínlógún ni.

Kí ni obìnrin náà ń sọ lórúkọ gan-an? Ilẹ̀ tí kọ́ńpìnnì kan ń ṣòwò lé lórí ni. Royal Niger Company ni kọ́ńpìnnì ọ̀hún, George Goldie ni ọ̀gá rẹ̀, ọdún 1886 ni Ọbabìnrin Gẹ̀ẹ́sì fún un ní ìwé àṣẹ láti máa ṣòwò, kó sì máa ṣèjọba lórí ilẹ̀ tó wà lẹ́bàá odò náà. Orúkọ tí wọ́n ń pe ilẹ̀ yẹn gùn jù fún ìwé ìròyìn, ìdí nìyẹn tí Shaw fi wá èyí tó kúrú. Ẹ tẹ́tí sí ìyókù, nítorí wọn kì í sọ ọ́ fún wa: ó sọ nínú àbá náà pé orúkọ tuntun yìí yóò jẹ́ kí a lè mọ ilẹ̀ kọ́ńpìnnì náà yàtọ̀ sí Èkó àti sí ilẹ̀ etíkun tó wà lábẹ́ àbò Gẹ̀ẹ́sì. Nínú àbá tí a ń sọ pé ó bí wa, Èkó kò sí nínú Nàìjíríà. Ìbàdàn kò sí nínú rẹ̀, Kàlàbá kò sí nínú rẹ̀. Lẹ́yìn tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì gba ilẹ̀ náà lọ́wọ́ kọ́ńpìnnì, tí ọdún 1900 sì bẹ̀rẹ̀, ni orúkọ náà wá ràn dé etíkun, tí wọ́n wá ń pe apá kan ní Nàìjíríà Àríwá, apá kejì ní Nàìjíríà Gúúsù.

Odò náà kò dúró de Shaw kó tó ní orúkọ. Àwọn òyìnbó ti ń kọ Niger sínú àwòrán ilẹ̀ wọn kí wọ́n tó bí Mungo Park, ẹni tó fojú rí omi náà ní Ségou ní 1796. Odò Ọya ni Yorùbá ń pè é. A kò tíì dẹ́kun pípe ará Àríwá ní ará Òkè Ọya. Kwara ni Hausa ń pè é, orúkọ yẹn náà sì ni ìpínlẹ̀ kan ń jẹ́ lónìí. Ẹni tó bá ní àwọn tó ń gbé lẹ́bàá omi yìí kò mọ ara wọn rí, kó ṣàlàyé bí Yorùbá ṣe fi odò kan ṣe ààlà, tó sì fi ààlà náà sọ aládùúgbò rẹ̀ lórúkọ. Ẹni tí a kò mọ̀ rí, a kì í ní orúkọ fún un.

Ó wá kan 1914. Ìdàpọ̀ ọdún yẹn kì í ṣe àkọ́kọ́, kì í sì ṣe ìkẹyìn. Oṣù kẹjọ ọdún 1861 ni ìjọba Gẹ̀ẹ́sì gba Èkó lọ́wọ́ Ọba Dòsùnmú. Lẹ́yìn náà wọ́n fi Èkó sábẹ́ Sàró, wọ́n tún gbé e sábẹ́ Gold Coast tó di Gánà lónìí, kí wọ́n tó fún un ní gómìnà tirẹ̀ ní 1886. Ní 1906 wọ́n da Èkó pọ̀ mọ́ Nàìjíríà Gúúsù lábẹ́ Gómìnà Walter Egerton. Ìdàpọ̀ yẹn gan-an ló kó ilẹ̀ Yorùbá tó wà lábẹ́ Èkó àti ilẹ̀ Ìgbò sínú ìjọba kan ṣoṣo, síbẹ̀ ta ló ń dárúkọ Egerton nínú wa?

Ohun tó mú ti 1914 wá ni owó. Àríwá kò lè gbọ́ bùkátà ara rẹ̀. Ọdọọdún ni ilé ìṣúra Lọ́ńdọ̀nù ń fi owó ìrànwọ́ ránṣẹ́ sí i. Gúúsù ní tirẹ̀ ń jẹ owó ibodè lórí ọjà tó ń gba etíkun wọlé, pàápàá lórí ọtí òyìnbó. Ọ̀rọ̀ rélùwéè tún wà níbẹ̀. Irin kan gbéra láti Èkó, ó dé Ìbàdàn ní 1901, ó ń bọ̀ lókè. Irin kejì gbéra láti Bárò létí Odò Ọya, ó dorí kọ Kano. Ọba kan náà ló ni ilẹ̀ méjèèjì, àmọ́ àwọn ìjọba méjèèjì ń bára wọn du èrò àti ẹrù. Lewis Harcourt, mínísítà tó ń rí sí àwọn ilẹ̀ amúnisìn nígbà náà, sọ ọ́ ní gbangba ní 1913 bí ẹni ń sọ ọ̀rọ̀ ìgbéyàwó: Àríwá ni ọ̀dọ́kùnrin oníwà rere tó fẹ́ lọ fẹ́ obìnrin olówó láti Gúúsù. Nílẹ̀ wa, ẹni tó fẹ́ ìyàwó a rán alárinà, a tọrọ ọmọ lọ́wọ́ bàbá àti ìyá rẹ̀, a gbé obì kalẹ̀. Nínú ìgbéyàwó ti Harcourt, kò sẹ́ni tó bi ọkọ, kò sẹ́ni tó bi ìyàwó. Ìwé àṣẹ ọba Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi so ó. Ọba wa kankan kò fọwọ́ sí i, ìjòyè kankan kò tẹ àtàǹpàkò sí i.

Ibi tí irọ́ ọlọ́gọ́rùn-ún ọdún náà ti wó nìyẹn. Àdéhùn nílò ẹni méjì. Àwọn ìwé tí wọ́n fi ṣe ìdàpọ̀ náà wà níta, ẹni tó bá fẹ́ lè kà wọ́n: kò sí gbólóhùn kankan nínú wọn tó dá ọjọ́ tí yóò parí. Ọdún 2014 dé, ìjọba ṣe àjọyọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún, àwọn kan jókòó wọ́n ń retí kí ilẹ̀ tú ká fúnra rẹ̀ bí ìgbà tí owó ilé bá parí. Ó dùn mí púpọ̀ láti rí i, nítorí ẹni tó bá gbà pé kàlẹ́ńdà yóò bá òun tú orílẹ̀-èdè ká kò ní gbà láé pé ọwọ́ òun lè tún un ṣe.

Ṣé ìdàpọ̀ náà tilẹ̀ da ènìyàn pọ̀? Lugard fi igbákejì gómìnà kan sí Àríwá, ó fi òmíràn sí Gúúsù, kálukú sì ń bá ìṣe rẹ̀ lọ. Nígbà tí Gómìnà Clifford gba àyè fún ìgbìmọ̀ aṣòfin tuntun ní 1922, tí wọ́n fi àyè sílẹ̀ fún ẹni mẹ́rin tí ará ìlú yóò dìbò yàn, mẹ́ta láti Èkó, ọ̀kan láti Kàlàbá, òfin ìgbìmọ̀ yẹn kò dé Àríwá. Gómìnà nìkan ló ń ṣòfin fún Àríwá. Ọdún 1947, nígbà tí ìwé òfin Gómìnà Richards bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, ni aṣojú Àríwá àti aṣojú Gúúsù tó jókòó sínú ilé aṣòfin kan náà. Lugard ti kú ní 1945. Kò fojú rí ilé aṣòfin kan tí àwọn tí a ní ó dà pọ̀ ti jọ ń sọ̀rọ̀.

Ẹ wo Abẹ́òkúta. Lọ́jọ́ tí a ní Lugard dá Nàìjíríà sílẹ̀, Ẹ̀gbá kò sí lábẹ́ rẹ̀. Àdéhùn tí Gómìnà Carter bá wọn ṣe ní 1893 gbà pé wọ́n dá dúró. Wọ́n ní ìjọba tiwọn, wọ́n ní owó ibodè tiwọn. Oṣù kẹjọ 1914 ni àwọn ọmọ ogun ìjọba yìnbọn lu àwọn ará àdúgbò Ìjemò níbẹ̀, ẹ̀mí ṣòfò, kò sì pẹ́ tí òmìnira Ẹ̀gbá fi lọ. Ọdún mẹ́rin lẹ́yìn náà, nígbà tí owó orí àti iṣẹ́ tipátipá sú wọn, Ogun Àdùbí bẹ́. Àwọn tó kú níbẹ̀ kò sí nínú ìtàn obìnrin tó dúró létí odò.

Ẹ wo Mubi lápá ìlà-oòrùn Àríwá. Ní 1914, Jámánì ló ń ṣèjọba níbẹ̀. Apá kan Kamẹrúùnù ni. Lẹ́yìn ogun àgbáyé kìíní ni ibẹ̀ bọ́ sọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ní 1959, wọ́n bi àwọn ará Àríwá Kamẹrúùnù bóyá wọ́n fẹ́ dara pọ̀ mọ́ Nàìjíríà, wọ́n ní kí wọ́n fi ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀ di ọjọ́ mìíràn. Ní oṣù kejì 1961, wọ́n dìbò lẹ́ẹ̀kejì, wọ́n yan Nàìjíríà, wọ́n sì wọlé ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹfà. Ará Mubi àti ará Gembu, tí òun náà wà ní Àríwá Kamẹrúùnù, dìbò kí wọ́n tó di ọmọ ilẹ̀ yìí. Ọ̀rọ̀ Lugard kò kàn wọ́n rárá, ilẹ̀ wọn sì wà nínú àwòrán Nàìjíríà tí ọmọ iléèwé ń yà lónìí. Ní apá ìwọ̀-oòrùn ẹ̀wẹ̀, Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé ti fi ìwé 1889 pín ilẹ̀ Yorùbá kí Lugard tó dé ẹkùn yìí: Ìmẹ̀kọ bọ́ síhìn-ín, Kétu bọ́ sọ́hùn-ún.

Ẹnìkan lè dá mi lóhùn pé ṣebí Awólọ́wọ̀ fúnra rẹ̀ kọ ọ́ sínú ìwé ní 1947 pé orúkọ orí àwòrán ilẹ̀ lásán ni Nàìjíríà, ṣebí Ahmadu Bello náà pe ìdàpọ̀ 1914 ní àṣìṣe. Òótọ́ ni, àwọn méjèèjì sọ ọ́. Àmọ́ ẹ má gbàgbé ohun tí wọ́n ṣe lẹ́yìn ọ̀rọ̀ náà. Àwọn, Azikiwe àti àwọn ẹgbẹ́ wọn, jókòó sí ìpàdé Lọ́ńdọ̀nù ní 1953, wọ́n padà lọ ní 1957 àti 1958, wọ́n jiyàn lórí ọlọ́pàá, lórí owó tó yẹ kó kan ẹkùn kọ̀ọ̀kan, lórí ẹ̀tọ́ àwọn ẹ̀yà kéékèèké. Nígbà tí ìjà le, wọ́n jà. Nígbà tó rọ̀, wọ́n gbà fún ara wọn. Ohun tí wọ́n sọ nígbà náà ni a ń tún sọ lójoojúmọ́, ohun tí wọ́n fi ọdún mélòó kan kọ́ sílẹ̀ ni a kò kà sí.

Lábẹ́ òfin, kò sẹ́ni tó ń jẹ́ ọmọ Nàìjíríà ní 1914. Ẹni tí wọ́n bí ní Èkó jẹ́ ọmọ abẹ́ ọba Gẹ̀ẹ́sì. Ẹni tí wọ́n bí ní Ìbàdàn, Sókótó tàbí Ẹnúgu kò tó bẹ́ẹ̀; ẹni tó wà lábẹ́ àbò Gẹ̀ẹ́sì lásán ni. Ọjọ́ kìíní oṣù kẹwàá ọdún 1960 ni ìwé òfin kọ́kọ́ sọ ẹnikẹ́ni di ọmọ Nàìjíríà. Nígbà tí wọ́n tún ìwé òfin kọ ní 1979, tí ti 1999 sì tẹ̀lé e, wọ́n ní ẹni tí wọ́n bí sí Nàìjíríà kí òmìnira tó dé, tí òbí rẹ̀ kan tàbí òbí àgbà rẹ̀ kan bá jẹ́ ti àwùjọ onílẹ̀ kan ní Nàìjíríà, ni ọmọ ilẹ̀ yìí láti ìbí. Òfin tiwa gbà pé àwùjọ ló wà kí orílẹ̀-èdè tó dé, pé ẹnu ọ̀nà àwùjọ ni ènìyàn ń gbà wọlé.

Ilẹ̀kùn yẹn ń ni àwọn kan lára, mi ò ní fi pamọ́. Ọmọ tí wọ́n bí sí Kaduna tí bàbá rẹ̀ wá láti Ògbómọ̀ṣọ́ mọ bó ṣe rí tí wọ́n bá ní kó lọ gba ìwé ọmọ onílẹ̀ wá. Ní oṣù kìíní ọdún 1980, ìjọba àpapọ̀ mú Shugaba Abdurrahman Darman, aṣáájú àwọn tó pọ̀ jù nínú ilé aṣòfin ìpínlẹ̀ Borno, wọ́n gbé e kọjá ààlà lọ sí ilẹ̀ Chad, wọ́n ní kì í ṣe ọmọ Nàìjíríà, pé ará ibẹ̀ ni bàbá rẹ̀. Inú ẹgbẹ́ òṣèlú tó ń ta ko ìjọba àpapọ̀ ni ọkùnrin náà wà. Ó gbé ìjọba lọ sílé ẹjọ́ ní Maiduguri. Adájọ́ kò bi í ní nǹkan kan nípa 1914. Ó ṣí ìwé òfin, ó wò ó pé Kanuri ni ìyá rẹ̀, pé Kanuri sì jẹ́ àwùjọ onílẹ̀ ní Nàìjíríà, ó sì dájọ́ pé ọmọ ilẹ̀ yìí ni Shugaba, kí ìjọba san owó ìtanràn fún un. Ìjọba pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn, ilé ẹjọ́ tó ga sì fìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé ọmọ Nàìjíríà ni ọkùnrin náà.